Awọ Tó Bo Ọkàn

Ọkàn kì í wà níhòòhò nínú àyà. Inú àpò kan ló ń gbé, èyí tí àwọn dókítà ní Porto-Novo, ìlú tí Yorùbá mọ̀ sí Àjàṣẹ́, ń pè ní péricarde lédè Faransé. Ẹni tó bá ti dúró ti alápatà rí lọ́jọ́ Iléyá ti rí i láìmọ̀. Bí wọ́n bá la igẹ̀ àgbò tán, ọ̀bẹ á kọ́kọ́ ya awọ funfun kan tó yi, tí ọ̀rá lẹ̀ mọ́ lẹ́yìn, kí ọkàn tó yọ, omi díẹ̀ tó mọ́ gaara á sì ro sí alápatà lọ́wọ́. Alápatà á nu ọwọ́, á sọ awọ náà sí ajá.

Ìpele méjì ni àpò yìí ní. Ti òde yi, kì í tètè fà. Ó so mọ́ egungun àárín àyà níwájú, ó lẹ̀ mọ́ iṣan pẹlẹbẹ tó pààlà àyà àti ikùn nísàlẹ̀, ó sì dì mọ́ ìdí àwọn òpó ẹ̀jẹ̀ ńlá lókè. Ti inú fẹ́lẹ́, ó ń dán, ó sì ṣẹ́po sí méjì: apá kan tẹ́ inú awọ líle, apá kejì bo ẹran ọkàn gan-an. Àárín apá méjèèjì ni omi wà, nǹkan bíi mílílítà 15 sí 50 lára ẹni tí ara rẹ̀ le.

Omi náà ni kì í jẹ́ kí ọkàn máa ha bó ti ń lù ní nǹkan bí ìgbà 100,000 lójúmọ́. Awọ líle ń di ọkàn mú sí àyè rẹ̀, ì báà dọ̀bálẹ̀, ì báà dìde. Kì í jẹ́ kí àrùn ẹ̀dọ̀fóró tètè ràn án. Bí ẹ̀jẹ̀ bá sì ya wọlé lójijì, kì í jẹ́ kó wú kọjá ààlà. Omi yìí wà lára ohun tí àwọn dókítà kan fi túmọ̀ ẹ̀jẹ̀ àti omi tí Jòhánù ní ó tú jáde nígbà tí wọ́n fi ọ̀kọ̀ gún Jésù lẹ́gbẹ̀ẹ́. Ẹ̀rí ni Jòhánù fúnra rẹ̀ kà á sí, ọ̀rọ̀ dókítà kò sì bu ẹ̀rí kù.

Ìbéèrè tó le ju ti omi yẹn lọ wà, ó sì kan Mùsùlùmí àti Kristẹni. Àjàṣẹ́ ni mọ́sálásí ńlá ti jọ ṣọ́ọ̀ṣì àwọn Àgùdà tó ti Brazil dé; ibẹ̀ náà ni Samuel Bilewu Oshoffa ti dá Ìjọ Mímọ́ ti Kristi láti Ọ̀run Wá sílẹ̀ lọ́dún 1947. Ọkàn ni oníwàásù ń bá wí lọ́jọ́ Jímọ̀, òun náà ni wọ́n ń bá wí lọ́jọ́ Ìsinmi. Àlùkùránì sọ nípa ìbòrí tó wà lórí ọkàn àwọn tí kò fẹ́ gbọ́. Diutarónómì àti Jeremáyà ní kí ènìyàn kọ ọkàn rẹ̀ nílà. Lọ́dọ̀ tọ̀túntòsì, àbùkù ni ìbòrí. Ṣé Ẹni tó fi awọ bo ọkàn fúnra rẹ̀ ni yóò tún bínú sí ìbòrí?

Àwọn kan lè ní àfiwé lásán ni, pé ìwé mímọ́ kò sọ̀rọ̀ ẹran. Ìdáhùn yẹn ti yá jù. Nígbà tí ọ̀pọ̀ onítumọ̀ Àlùkùránì dé ibi tí ìfẹ́ Yúsúfù ti kó sí aya ìjòyè Íjíbítì lórí, wọ́n ní ìfẹ́ náà gún awọ tó bo ọkàn obìnrin náà, ó wọlé. Níbẹ̀, awọ kì í ṣe àbùkù; odi ilé ni.

Àìsàn ló tan ìmọ́lẹ̀ sí ìbéèrè náà jù. Nílẹ̀ Áfíríkà, ikọ́ ife wà lára olórí ohun tó ń ba awọ yìí jẹ́. Omi á kọ́kọ́ rọ́ sínú àpò. Bó bá rọra wá, àpò á máa fà díẹ̀díẹ̀ títí á fi gba ju lítà kan lọ. Bó bá wá lójijì, bíi ti ẹ̀jẹ̀ ojú ọgbẹ́ ọ̀bẹ, mílílítà 200 lè pa ènìyàn. Bó bá pẹ́, lára àwọn aláìsàn kan, awọ á nípọn, á dápàá, á gan bí èèpo. Agbára tí ọkàn fi ń ti ẹ̀jẹ̀ jáde lè ṣì wà ní pípé. Gbígbà ni kò lè gbà mọ́: kò ráyè ṣí fún ẹ̀jẹ̀ tó ń bọ̀, ẹ̀jẹ̀ á dá padà, iṣan ọrùn á yọ síta, ikùn á kún fún omi, ẹsẹ̀ á wú. Ẹ̀sùn tí ìwé mímọ́ méjèèjì fi kan olóríkunkun náà nìyí, pé kò lè gbà. Líle awọ ni ẹ̀bi, kì í ṣe pé awọ wà.

Iṣẹ́ abẹ ni wọ́n fi ń bó awọ tó ti le náà kúrò, ó sì sún mọ́ ìkọlà Jeremáyà ju bí ọ̀pọ̀ oníwàásù ti mọ̀ lọ. Oníṣẹ́ abẹ kì í sábà wá òmíràn rọ́pò rẹ̀. Ọkàn lè máa lù láìsí i, àwọn kan tilẹ̀ wà tí wọn kò bí i mọ́. Ṣùgbọ́n bí àpá bá ti wọnú ẹran ọkàn kí wọ́n tó la àyà, bíbó awọ kì í ran aláìsàn lọ́wọ́ tó bẹ́ẹ̀ mọ́, nítorí náà ni wọn kì í fẹ́ kó pẹ́ kí wọ́n tó ṣe é.