Ta Ló Ni Iná Tó Kọjá Ààlà?

*ÀṢÀRÒ ÒWÚRỌ̀*
*Bíbélì kíkà:* Ẹ́kísódù 22:1-6, Lúùkù 19:1-10



Ẹni tó bá gba ọ̀nà Ògbómọ̀ṣọ́ tàbí ọ̀nà Ìwó wọ Èjìgbò nínú ẹ̀ẹ̀rùn mọ ohun tí mò ń sọ. Ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà á dúdú, èérú á máa fò, igi kaṣú tó yẹ kó máa tanná á gbẹ dànù lórí ìdúró. Ìgbà tí a ń sun oko náà ni iná ń ṣìnà. Bí iná bá sì ti jó oko olóko, ọ̀rọ̀ mẹ́ta kan wà tí ẹ ó gbọ́. Ẹni tó dáná á ní, "Mi ò mọ̀ọ́mọ̀." Àwọn ará ilé rẹ̀ á ní, "Àmúwá Ọlọ́run ni." Àwọn àgbà á wá kúnlẹ̀ fún ẹni tí oko rẹ̀ jó: "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi ṣe ti Ọlọ́run." Ó parí.

Àbí kò parí? Ìbéèrè wa ti òwúrọ̀ yìí nìyẹn. Bí iná tí mo dá bá jáde kúrò nínú oko mi, tí n kò sì fẹ́ kó jáde, ṣé mo jẹ ẹni tí oko rẹ̀ jó ní gbèsè kankan?

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ yẹ ọ̀rọ̀ "àmúwá Ọlọ́run" wò. Ọyẹ́, iṣẹ́ Ọlọ́run ni. Afẹ́fẹ́ gbígbẹ tó ń ti apá aṣálẹ̀ Sàhárà wá, tó ń gbẹ koríko títí yóò fi máa dún pàrà lábẹ́ ẹsẹ̀, kì í ṣe ọwọ́ èèyàn ló rán an. Ṣùgbọ́n ààrá kì í sábà sán nínú ọyẹ́. Ta ló wá ṣáná? Àgbẹ̀ tó ń sun oko tó ṣán ni. Ọdẹ tó ń fi iná lé ọ̀yà jáde ni. Ẹni tó ń kó oyin ni, ẹni tó ń sun èédú, darandaran tó fẹ́ kí koríko tútù hù, èrò ọkọ̀ tó ju ìdí sìgá sínú igbó. Ọlọ́run ló fún wa ní ẹ̀ẹ̀rùn, ọwọ́ wa ló mú ìṣáná. Bí a bá wá di iṣẹ́ ọwọ́ wa lé Ọlọ́run lórí, ẹ̀rí èké là ń jẹ́ mọ́ Ọn.

Ilé wo ní Èjìgbò ni kò ní ẹbí ní Àbíjàn? Ẹ bi àwọn àgbà tó wà níbẹ̀ láàárín 1982 sí 1983. Ọ̀dá mú gan-an ní ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà nígbà náà. Ní Côte d'Ivoire àti ní Gánà, iná wọ oko kòkó tí àwọn èèyàn ti tọ́jú fún ọ̀pọ̀ ọdún, ó sì sọ ọ́ di eérú. Ebi pa Gánà lọ́dún náà. Ní 1983 yẹn kan náà ni ìjọba wọn ṣe òfin lórí iná igbó. Ẹ rò ó wò: èèyàn kì í ṣòfin fún òjò tó kọ̀ tí kò rọ̀. Ẹni tó ń ṣáná ni wọ́n ṣòfin fún. Wọ́n mọ̀ pé ọ̀dá kò sí lọ́wọ́ àwọn, ṣùgbọ́n ìṣáná wà níbẹ̀.

Ẹ wá wo ohun tí Ìwé Mímọ́ wí. Nínú Ẹ́kísódù 22, ẹsẹ kẹfà, Ọlọ́run sọ̀rọ̀ iná tó ràn mọ́ ẹ̀gún, tó sì jó ọkà ẹlòmíràn, yálà èyí tí wọ́n ti kó jọ tàbí èyí tó ṣì wà lóko. Ó ní kí ẹni tó dá iná náà san án padà. Òfin yẹn kò béèrè bóyá ó mọ̀ọ́mọ̀. Kò sì pè é ní olè. Ẹ kíyè sí ẹsẹ kẹrin: olè tí wọ́n bá ẹran lọ́wọ́ rẹ̀ láàyè gbọ́dọ̀ san méjì dípò ẹyọ kan. Ẹni tí iná bọ́ mọ́ lọ́wọ́ kò san ìlọ́po méjì, iye tó jó ló máa san. Ọlọ́run mọ̀ pé kì í ṣe ìkà. Síbẹ̀, kò ní kó máa lọ ilé lásán.

Ibi tí mo fẹ́ ká dúró lé nìyí: *ẹ̀bi yàtọ̀ sí gbèsè.* Àìmọ̀ọ́mọ̀ lè mú ẹ̀bi fúyẹ́, ó tiẹ̀ lè mú un kúrò pátápátá. Ṣùgbọ́n àìmọ̀ọ́mọ̀ kò pa gbèsè rẹ́. Igi kaṣú tó jó kò béèrè èrò ọkàn ẹnikẹ́ni. Bí wọ́n bá gbin òmíràn lónìí, ó kéré tán, ọdún mẹ́ta ni kó tó bẹ̀rẹ̀ sí í so. Ta ni kó ru ẹrù ọdún mẹ́ta yẹn? Bí ẹni tó dáná kò bá rù ú, ẹni tí kò ṣáná rárá ni yóò rù ú. Kò sí ọ̀nà kẹta. Èwo nínú méjèèjì ló tọ́?

Ẹ̀yin àgbà wa, ẹ má bínú sí mi. Ẹ̀bẹ̀ dára, òun ló ń pa ìlú pọ̀. Ṣùgbọ́n ẹ̀bẹ̀ tí kò ní "kí la máa fún un?" nínú, ẹni tí wọ́n ṣẹ̀ ló ń jẹ níyà lẹ́ẹ̀kejì. Ìyá àgbà tí pákí rẹ̀ jó tán lóko, a kó èèyàn mẹ́wàá lọ bá a, a ní kó dárí jì. Á dárí jì, onígbàgbọ́ ni. Nígbà tí gbogbo wa bá lọ tán, kí ni yóò jẹ títí pákí mìíràn yóò fi ta? Ìdáríjì tirẹ̀ ni, òun ló lè fúnni. Gbèsè kì í ṣe tiwa láti bá a fi jì. Ẹ wo Sákéù: kò ní kí àwọn tó rẹ́ jẹ gbà fún Ọlọ́run. Ó dìde dúró, ó ní òun á san án padà ní ìlọ́po mẹ́rin. Ẹ̀yìn ọ̀rọ̀ yẹn ni Jésù tó kéde pé ìgbàlà ti wọ ilé náà lónìí.

Ẹnìkan á ní, "Èmi ro etí oko mi o, mo ṣọ́ iná, afẹ́fẹ́ ló yí padà lójijì. Ṣé èmi náà ni?" Ó ṣòro lóòótọ́. Iná dídá fúnra rẹ̀ kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀. Ẹni tí kò lówó katakata, iná ni katakata rẹ̀. Ẹni tó ṣe gbogbo ohun tó yẹ kó ṣe, kí ẹnikẹ́ni má pè é ní aláìbìkítà. Kó dúró tààrà níwájú Ọlọ́run, ọkàn rẹ̀ mọ́. Ṣùgbọ́n kó dúró níwájú aládùúgbò rẹ̀ pẹ̀lú. Irú gbèsè báyìí ni ìjọ àti ẹbí yẹ kó bá a gbé. Bí kò bá sì lówó, ó lápá. Àwọn baba wa mọ àáró, wọ́n mọ ọ̀wẹ̀. Kó kó àwọn ọmọ rẹ̀ àti ọ̀rẹ́ rẹ̀ lọ, kí wọ́n bá olóko tún ilẹ̀ ro, kí wọ́n bá a gbin òmíràn, kí wọ́n sì padà lọ lọ́dún tó ń bọ̀. Ìyẹn náà sísan ni.

Ti ẹni tí kò sẹ́ni tó rí i ńkọ́? Ó dáná, iná sá lọ, ó gba ẹ̀yìn oko relé, ó sì bá wọn kẹ́dùn lọ́jọ́ kejì. Ẹ̀gbọ́n mi, àbúrò mi, bí ìwọ bá ni, o mọ̀. Èéfín ni ìwà. Sùúrù tí Ọlọ́run ń ṣe fún ọ kì í ṣe ìwé-ẹ̀rí pé o kò jẹ gbèsè. Lọ bá a kó tó di pé òjò àkọ́rọ̀ rọ̀.

Kí ẹ̀yin tí ẹ kò ní oko má rò pé ọ̀rọ̀ yìí kò kàn yín o. Jákọ́bù fi ahọ́n wé iná kékeré tó ń ran igbó ńlá. Lórí fóònù tí ẹ fi ń ka àṣàrò yìí, ẹ lè ti fi ọ̀rọ̀ kan ránṣẹ́ nípa ẹnìkan, kó wá já sí irọ́. "Mi ò mọ̀, bí wọ́n ṣe fi ránṣẹ́ sí mi ni mo ṣe fi ránṣẹ́." Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n orúkọ tó jó ńkọ́? Gbogbo ibi tí o fi irọ́ náà ránṣẹ́ sí ni kó o fi òótọ́ ránṣẹ́ sí.

*Ohun tí a ó ṣe:*
1. Kó o tó fi iná sí oko, sọ fún gbogbo ẹni tí ẹ jọ pààlà. Ro etí oko yíká, má dá nìkan wà, má sì ṣáná nígbà tí afẹ́fẹ́ ń fẹ́.
2. Má fi iná sílẹ̀ lọ. Kùkùté lè gbé iná sínú fún ọjọ́ bíi mélòó kan. A kì í fi iná sórí òrùlé sùn. Padà lọ wò ó láàárọ̀ ọjọ́ kejì.
3. Bí o bá jẹ ẹnìkan ní gbèsè iná, ti oko tàbí ti ẹnu, lọ bá a lọ́sẹ̀ yìí. Má lọ lọ́wọ́ òfo.

*Àdúrà:* Olúwa, dárí jì wá níbi tí a ti dárúkọ Rẹ bo iṣẹ́ ọwọ́ wa mọ́lẹ̀. Fún wa ní ìgboyà láti sọ pé, "Èmi ni mo dá a." La ọ̀nà fún wa láti san ohun tí a jẹ. Tu gbogbo ẹni tí iná jó oko rẹ̀ ní Èjìgbò àti agbègbè rẹ̀ nínú, kí O sì lò wá láti tù wọ́n nínú. Ní orúkọ Jésù. Àmín.

A ó ṣe é o. Ẹ fi ránṣẹ́ sí ẹnìkan tó ní oko.