Bí Èéfín Kò Bá Rú Mọ́

Àwọn àgbà wa a máa sọ pé èéfín ni ìwà, rírú ní í rú. Ohun tí wọ́n ní lọ́kàn ni pé bó ti wù kí ènìyàn bo ìwà rẹ̀ mọ́lẹ̀ tó, yóò yọ sójú táyé níjọ́ kan, gẹ́gẹ́ bí èéfín ti í gba orí òrùlé jáde nígbà tí a bá dáná nínú ilé. N kò tíì rí ẹni tó jiyàn sí òwe yìí. Ṣùgbọ́n ohun kan ti dé sáàrin wa ní ilẹ̀ Àkókó báyìí tó mú kí n tún un yẹ̀ wò. Ohun-èlò kan ni, tí kò fi bẹ́ẹ̀ gùn ju báírò ìkọ̀wé lọ, tí àwọn ọmọ fi ń mu igbó láìṣáná sí i. Bí ìwà bá jẹ́ èéfín, tí a sì wá rí ọgbọ́n tí èéfín kò fi ní rú mọ́, kí ni yóò kù tí yóò máa jẹ́rìí ìwà ẹni? Ìbéèrè tí mo fẹ́ kí èmi àti ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ mi, àti ẹ̀yin olùkọ́ wa, jọ gbé yẹ̀ wò nìyẹn.

Ó yẹ kí n kọ́kọ́ sọ bí ohun-èlò náà ti rí, nítorí ọ̀pọ̀ àwọn tó ń bú u ni kò fojú kàn án rí. "Vape" ni àwọn ọmọ ìwòyí ń pè é. Ti sìgá ló kọ́kọ́ dé ayé. Ará Amẹ́ríkà kan, Herbert Gilbert, gba ìwé-ẹ̀tọ́ fún sìgá aláìléèéfín ní 1965, ṣùgbọ́n nǹkan náà kò rìn lọ́jà. Ní 2003 ni Hon Lik, apòògùn kan ní ilẹ̀ Ṣáínà, wá ṣe irú èyí tí ayé ń lò lónìí. Amusìgá ni òun fúnra rẹ̀, ó sì ń wá ọ̀nà tí yóò fi bọ́ lọ́wọ́ sìgá. Nítorí náà ẹ má jẹ́ kí a sọ pé ibi ni wọ́n torí rẹ̀ dá nǹkan yìí sílẹ̀.

Èyí tí mò ń wí kì í ṣe ti sìgá. Oje igbó ni wọ́n ń fi sí i, oje tí wọ́n ti yọ kúrò lára ewé títí ó fi ki bí ìda oyin. Agbára rẹ̀ fi ìlọ́po púpọ̀ ju ti ewé lọ. Bátìrì wà nísàlẹ̀ ohun-èlò náà. Ihò kékeré kan wà láàrin tí wáyà wíwé wà nínú rẹ̀, èyí tí wọ́n ń pè ní kóìlì. Ẹnu tí a fi ń fà á sì wà lókè. Ẹni tó ń lò ó yóò fi ọ̀pá tín-ín-rín kan bu oje náà, kò ní ju hóró ìrẹsì kan lọ, yóò fi í lé orí kóìlì, yóò sì tẹ bọ́tìnnì. Kóìlì yóò gbóná títí oje yóò fi di kùrukùru láìjóná. Kùrukùru yẹn ló ń fà sínú. Kí o tó ka ogún, ó ti pòórá nínú yàrá, òórùn rẹ̀ kò sì ní pẹ́ lọ. (Èmi tí mò ń kọ́ èdè a máa ronú lórí ọ̀rọ̀ wa: àwa Yorùbá ń mu omi, a ń mu ẹmu, a sì ń mu sìgá, àfi bí ẹni pé èéfín pẹ̀lú jẹ́ ohun tí ń pa òùngbẹ.)

Ìtọ́jú rẹ̀ ló yà mí lẹ́nu jù. Gbogbo ìgbà tí a bá lò ó ni èérí kan máa ń ṣẹ́kù sínú rẹ̀, tó dúdú, tó sì ń lẹ̀ mọ́ nǹkan bí ọ̀dà. Ó dára kí a nu èyí nígbà tí ó ṣì lọ́ wọ́ọ́rọ́, kí ó má tíì dì. Òwú orí igi tí a fi ń nu etí ni wọ́n ń tì bọ inú sípírítì tí ń jẹ́ isopropyl, kì í ṣe methylated spirit, nítorí a ti po májèlé mọ́ ìyẹn. Bátìrì kò gbọdọ̀ kan omi. A gbọ́dọ̀ jẹ́ kí gbogbo rẹ̀ gbẹ pátápátá, kí sípírítì tó kù má baà gbaná nígbà tí a bá tẹ bọ́tìnnì. Bí iná rẹ̀ bá ń ṣẹ́jú tí kò sì gbóná, ibi tí kóìlì àti bátìrì ti fẹnu kora ni a ó kọ́kọ́ wò, bóyá ó dọ̀tí, tàbí bóyá a lọ́ ọ le jù tàbí a kò lọ́ ọ dé ibi tó yẹ. Bí kò bá ṣe é fà, ihò afẹ́fẹ́ rẹ̀ ló dí. Bí ó bá ń korò lẹ́nu bí ohun tó jóná lẹ́yìn tí a ti fọ̀ ọ́, kóìlì ti kú, àfi kí a pààrọ̀ rẹ̀.

Ẹ gbọ́ ìtọ́jú! Mo mọ ọmọkùnrin kan ní ilé tí à ń gbé tí kì í fọ abọ́ ìjẹun rẹ̀ fún ọjọ́ mẹ́ta, tó sì ń fi òwú nu ohun-èlò yìí lálaalẹ́ bí ẹni ń nu ojú ọmọ tuntun. Mo sì ṣàkíyèsí pé ìmọ́tótó yẹn a máa ràn mọ́ ọkàn ẹni tó ń lò ó. Yóò sọ fún ọ pé èyí mọ́, pé kò dà bí ti àwọn tó ń mu ún lábẹ́ igi. Ohun-èlò ló fọ̀, ó wá rò pé ìwà òun ló funfun. Ní 2019, àrùn ẹ̀dọ̀fóró kan bẹ́ sílẹ̀ ní Amẹ́ríkà láàrin àwọn tó ń lo irú nǹkan yìí. Nígbà tó fi di oṣù kejì 2020, àwọn 2,807 ni wọ́n ti kọ sílẹ̀ pé wọ́n gba ìtọ́jú nílé ìwòsàn tàbí pé wọ́n kú, 68 sì ni àwọn tí a mọ̀ dájú pé wọ́n kú. Oje igbó ni ọ̀pọ̀ nínú wọn lò, èyí tí wọ́n rà lẹ́yìn ọjà òfin. Vitamin E acetate tí àwọn olùtajà fi là á ni àwọn oníṣègùn rí pé ó fa ọ̀pọ̀ nínú àrùn náà. Òwú àti sípírítì kò lè nu ìyẹn kúrò.

Kí ẹnikẹ́ni má sì sọ pé ọ̀rọ̀ àwọn ará Èkó ni mo gbé wá sí Àkókó. Ní oṣù karùn-ún 2019, Gómìnà Rotimi Akeredolu, tó di olóògbé ní 2023, lọ sí Thailand láti wo bí wọ́n ti ń fi igbó ṣe oògùn, òun fúnra rẹ̀ ló sì sọ ọ́ ní gbangba pé Ìpínlẹ̀ Oǹdó wa yìí ni ojúkò igbó gbíngbìn ní Nàìjíríà. Òfin kò gbà á: ìjọba ológun ti ṣe òfin líle lé e lórí ní 1966, a sì dá àjọ NDLEA sílẹ̀ ní 1989. Síbẹ̀, ìwádìí 2018 tí ìjọba wa àti Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé jọ ṣe sọ pé ènìyàn mílíọ̀nù 10.6 ló lo igbó ní Nàìjíríà láàrin ọdún kan.

Ẹ jẹ́ kí n padà sórí èéfín. Ìkòkò ni bàbá bàbá mi fi ń mu tábà ní Ọ̀kà. Ilé wa wà ní gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ òkè, èéfín ìkòkò bàbá a sì máa gòkè lọ bá àwọn aládùúgbò wa. Ọmọ ọdún mẹ́fà lè sọ iye ìgbà tí bàbá ti mu ún láti òwúrọ̀. Nígbà tí ikọ́ bẹ̀rẹ̀ sí í dà á láàmú, kò sí ẹni tó nílò láti ṣe ọ̀fíntótó kí ó tó bá a sọ̀rọ̀. Ìyàwó rẹ̀ sọ, àbúrò rẹ̀ sọ, ìyá arúgbó kan lókè lọ́hùn-ún sì máa ń pariwo sí i láti ẹnu ọ̀nà rẹ̀ pé ìkòkò ti pọ̀jù lónìí. Bàbá a bínú, ṣùgbọ́n ó ń dín in kù. Gbogbo ará àdúgbò ló jẹ́ olùtọ́jú rẹ̀ láìgba owó.

N kò fẹ́ yin èéfín jù. Ẹlẹ́rìí èké ni nígbà mìíràn. Ẹni tó jókòó ti amugbó yóò gbé òórùn rẹ̀ délé, a ó sì bú u fún ohun tí kò ṣe. Ṣùgbọ́n mo rò pé iṣẹ́ tí èéfín ń ṣe ju ìtúfó lọ: òun ló ń pe àwọn ẹlòmíràn wá sínú ọ̀rọ̀ ẹni. Ẹni tó ń fa kùrukùru aláìlóòórùn nínú yàrá tó ti ìlẹ̀kùn mọ́ ara rẹ̀ kò bọ́ lọ́wọ́ ìbáwí nìkan. Ó bọ́ lọ́wọ́ ìtọ́jú pẹ̀lú.

Ọ̀rẹ́ mi kan tí a jọ lọ sí ilé-ẹ̀kọ́ gírámà ń tún fóònù ṣe ní Ìkàrẹ́, lẹ́bàá ọjà. Àwọn ọmọ a máa gbé ohun-èlò yìí wá fún un. Mo bi í bóyá ọkàn rẹ̀ kò dá a lẹ́bi. Ó ní, "Iná ni mò ń tún ṣe. Bí ènìyàn bá gbé tọ́ọ̀ṣì wá, n kì í bi í bóyá olè ló fẹ́ fi lọ jà." Ó tún ní bí òun bá lé wọn, wọn yóò lọ fi abẹ tú u fúnra wọn, bátìrì lithium tí wáyà rẹ̀ bá sì kan ara wọn lè gbaná lójijì. Èyí kì í ṣe ọ̀rọ̀ òmùgọ̀. Alágbẹ̀dẹ kò jẹ̀bi ohun tí a fi àdá ṣe. Ṣùgbọ́n bí ẹni tí ojú rẹ̀ pọ́n koko bá sáré wọ inú àgbẹ̀dẹ pé kí wọ́n bá òun pọ́n àdá kíákíá, ta ni yóò sọ pé alágbẹ̀dẹ kò rí nǹkan kan? Ọ̀rọ̀ tọ́ọ̀ṣì kò bá tirẹ̀ mu. Tọ́ọ̀ṣì kì í gbé ìtàn olówó rẹ̀ wá, ṣùgbọ́n bí ọ̀rẹ́ mi bá tú kóìlì, ó ń rí bí èérí inú rẹ̀ ti nípọn tó, ó sì mọ̀ bóyá ọmọ náà ń lò ó lẹ́ẹ̀kan lọ́sẹ̀ tàbí nígbà mẹ́fà lóòjọ́. Èéfín kò tán. Inú ihò yẹn ló sá pamọ́ sí. Nínú gbogbo ìlú, ọ̀rẹ́ mi nìkan ló ń rí i, òun náà ló sì ń nù ún nù. Lójú tèmi, kò jẹ̀bi pé ó tún un ṣe. Bí ó bá nù ún tí kò sì sọ gbólóhùn kan fún ọmọ náà, ibẹ̀ ni mo ti ní í wí.

Ọ̀rọ̀ náà kò pẹ́ kó tó kàn mí. Ọmọ àbúrò ìyá mi wà ní ọdún kejì ní ilé-ẹ̀kọ́ wa ní Àkùngbá, láàrin Ìkàrẹ́ àti Ọ̀kà. Ó mú ìwé pélébé kan wá bá mi, tí a fi èdè Ṣáínà kọ apá kan rẹ̀, tí a sì fi Gẹ̀ẹ́sì tó mẹ́hẹ kọ ìyókù. "Bùọ̀dá, ẹ̀yin tí ẹ ń kọ́ èdè, ẹ bá mi wo ohun tí wọ́n ní kí n ṣe síbí." Mo ka ti bátìrì àti ti sípírítì fún un, nítorí n kò fẹ́ kí iná jó o. Ó dúró díẹ̀, ó ní, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má sọ fún màámi." Ìyá rẹ̀ ń ta gàrí ní Ọ̀kà, owó gàrí ló ń san owó ilé-ẹ̀kọ́ rẹ̀, òun náà ló sì ra oje igbó.

Bí ó bá jẹ́ ìkòkò bàbá ni, kì bá má sí ohun tí ó lè bẹ̀ mí sí. Èéfín ìbá ti sọ. Ṣé kí èmi wá di èéfín? Mo rò ó lóru ọjọ́ náà. Bí mo bá sáré lọ sọ, n óò ti gba iṣẹ́ tí ó jẹ́ tirẹ̀ ṣe, yóò sì wá yàrá mìíràn tí n kò ní mọ̀. Bí mo bá bá a purọ́, mo ti di òwú àti sípírítì. Nígbà tó mọ́, mo sọ fún un pé bí ìyá rẹ̀ bá bi mí, n kò ní purọ́, àti pé yóò dára kí ó lọ sọ ọ́ fúnra rẹ̀. Mo wá ní, "Má fọ̀ ọ́ fún ọ̀sẹ̀ méjì. Bí ó bá dí, má ṣe tú u. Gbé e wá, kí a jọ ṣí i." Mo mọ̀ pé àwọn kan yóò sọ pé mo fún un láyè ọ̀sẹ̀ méjì. Ó ti gba àyè yẹn kí n tó dé ibẹ̀. Ojú ni mo fẹ́ kí ó ní.

Ọjọ́ kọkànlá ló gbé e dé. A tẹ́ ìwé ìròyìn sórí tábìlì, a ṣí i. Èérí dúdú ti kún ihò náà débi pé a kò rí kóìlì mọ́. Ó wò ó fún ìgbà pípẹ́, ó ní, "Ṣé bí ó ti wà nínú àyà mi náà nìyí?" Mo ní n kò mọ̀, èdè ni mò ń kọ́, kí ó lọ bi dókítà. Kò tọrọ òwú. Ó fi ìwé ìròyìn yẹn wé e, ó ní òun ń lọ sí Ọ̀kà ní Sátidé, ó sì bi mí bóyá n óò lè bá òun lọ.