Iná Ṣàngó àti Ẹ̀bi Ẹni Tí Ó Mú Iná Dání

Nínú ẹ̀sìn ìbílẹ̀ Yorùbá, Ṣàngó ni òrìṣà tí ó ni iná àti àrá, òun náà sì ni àwọn olùsìn rẹ̀ gbà pé ó máa ń fi iná dájọ́ fún olè, òpùrọ́ àti ẹni tí ó ń fi oògùn pa ọmọnìkejì. Ìgbàgbọ́ yìí kò ṣòro láti dì mú nígbà tí ó bá jẹ́ ilé ẹnì kan ṣoṣo ni àrá sán lù ládùúgbò, tí àwọn ará àdúgbò sì ti ń fura sí onílé náà tẹ́lẹ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tí iná bá ṣọṣẹ́ tí ọ̀pọ̀ ènìyàn bá a lọ láìṣẹ̀ láìrò, ó di dandan kí a béèrè bóyá gbogbo iná ni ìdájọ́, àti lórí ta ni ìdájọ́ ọ̀hún yẹ kí ó já lé.

Òkè-Afá, ní agbègbè Oṣòdì àti Ìsọlọ̀ ní ìpínlẹ̀ Èkó, kò lè sá fún ìbéèrè yìí. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Àìkú, 27 oṣù Kìn-ín-ní ọdún 2002, iná ràn dé ibi tí àwọn ológun ń kó bọ́ǹbù sí ní bárékè Ìkẹjà, àwọn bọ́ǹbù náà sì bẹ̀rẹ̀ sí í bú gbàù lọ́kọ̀ọ̀kan, wọ́n ń fọ́n ká orí ilé onílé. Àwọn ènìyàn kò mọ̀ bóyá ogun ni ó dé, wọ́n ṣáà ń sá. Ọ̀pọ̀ nínú àwọn tí ó gba apá Ìsọlọ̀ àti Èjìgbò sì já sínú kánààlì Òkè-Afá nínú òkùnkùn, nítorí pé ewéko ti bo ojú omi náà débi tí ó fi jọ ilẹ̀ tí ẹsẹ̀ lè tẹ̀. Lápapọ̀, àwọn tí ó kú nínú ìjàm̀bá náà lé ní 1,000, àwọn ọmọdé sì pọ̀ nínú wọn. Iná ni ọ̀pọ̀ nínú wọn ń sá fún, omi ni ó gbé wọn.

Bí a bá fi òfin ìsìn Ṣàngó wò ó ní ṣókí, ọ̀ràn yìí kò tilẹ̀ dé iwájú òrìṣà náà. Nígbà tí àrá bá sán lu ilé, àwọn Mọgbà, èyíinì ni àwọn àgbà àwòrò tí ń ṣe alágbàwí láàárín Ṣàngó àti àwọn ènìyàn, ni ó máa ń wá síbẹ̀. Wọn kì í jẹ́ kí ará ilé fọwọ́ kan òkú tàbí ẹrù, wọn a hú ẹdùn àrá jáde nínú ilẹ̀, ìyẹn òkúta ẹlẹ́nu mímú bí àáké tí a gbà pé Ṣàngó ń jù láti òkè, lẹ́yìn náà ni wọn a wá bu ètùtù àti ìtánràn lé àwọn ẹbí lórí. Ẹdùn àrá ni ẹ̀rí ìdájọ́, níbi tí kò bá sì sí ẹ̀rí, kò sí ẹjọ́. Èsì yìí tọ̀nà, ṣùgbọ́n kò jinlẹ̀ tó, nítorí pé ìtàn tí ẹ̀sìn náà dúró lé ní ohun tí ó ju èyí lọ láti sọ.

Àlùfáà Samuel Johnson, tí ó parí ìwé ìtàn Yorùbá rẹ̀ ní 1897, tí a kò sì tẹ̀ ẹ́ jáde títí di 1921, kọ ọ́ pé Ṣàngó, Aláàfin Ọ̀yọ́, rí oògùn kan tí ó lè fa mànàmáná wá láti ojú ọ̀run, ó sì gun orí òkè lọ láti dán an wò. Ààfin òun fúnra rẹ̀ ni àrá náà sán lù. Kí a tó pa iná, ọ̀pọ̀ nínú àwọn ayaba àti àwọn ọmọ rẹ̀ ti bá a lọ. Ìbànújẹ́ yìí ni ó mú kí ó fi ìtẹ́ sílẹ̀, tí àwọn ẹmẹ̀wà rẹ̀ pẹ̀yìn dà, tí ó sì pokùnso ní Kòso. Ẹni tí ó bá ka ìtàn yìí tinútinú yóò rí i pé kò sí ẹni tí ó wádìí ìwà àwọn ayaba tí ó jóná, bẹ́ẹ̀ ni kò sí ẹni tí ó bi àwọn ọmọ léèrè ohun tí wọ́n ṣe. Orí ẹni tí agbára iná wà lọ́wọ́ rẹ̀ ni ẹ̀bi náà já lé, ọba ni, kò sì rí ibi gbé e sá sí.

Báwo wá ni ẹ̀bi ṣe kúrò lọ́rùn ẹni tí ó ni iná tí ó di ti ẹni tí iná pa? Johnson kan náà ròyìn pé àwọn ọ̀rẹ́ Ṣàngó, nígbà tí ẹ̀gàn pọ̀ jù, lọ kọ́ oògùn mànàmáná ní ilẹ̀ Bàrìbá, pé ilé sì bẹ̀rẹ̀ sí í jóná lemọ́lemọ́ títí àwọn ènìyàn fi gbà pé ọba kò so, tí wọ́n sì ń kó màlúù, àgùntàn àti epo wá fún ètùtù. Onígbàgbọ́ ni Johnson, kò sì yani lẹ́nu pé ó fura sí àwọn Mọgbà. Síbẹ̀, bí a tilẹ̀ yọ ti ẹ̀tanú kúrò, ó hàn gbangba pé ẹni tí ń gba ìtánràn kò ní ṣàì fẹ́ kí ẹ̀bi wà lọ́dọ̀ ẹni tí yóò san án.

Ohun tí àwọn olùsìn Ṣàngó ń ṣe lójú agbo kò tíì gbàgbé ìtumọ̀ àkọ́kọ́. Ẹlẹ́gùn Ṣàngó, ìyẹn ẹni tí òrìṣà máa ń gùn, a máa gbé àjẹ̀rẹ̀ rù bí bàtá bá ti ń dún kíkan: ìkòkò tí a lu ihò sí lára yíká ni àjẹ̀rẹ̀, ẹyin iná sì ń pọ́n yòò nínú rẹ̀. Ẹni tí a kò bá mú wọ awo Ṣàngó kò gbọdọ̀ dán an wò, nítorí pé orí ẹni tí ó gbé iná náà ni yóò kọ́kọ́ jó bí ọwọ́ bá yẹ̀, kó tó kan èrò ìwòran. Bóyá irú èrò yìí ni ó wà lẹ́yìn ère Ṣàngó onídẹ tí Ben Enwonwu ṣe ní 1964 fún àjọ iná mànàmáná, tí ó wà ní Marina l'Ékòó títí di òní. Bí bẹ́ẹ̀ bá kọ́, ó yẹ àwọn tí ń pín iná fún ìlú láti máa wojú rẹ̀ wọlé.

Ní alẹ́ ọjọ́ tí bọ́ǹbù bú, àwọn ológun fúnra wọn tọrọ àforíjì, wọ́n sì jẹ́wọ́ pé ibi ìkóhun-ìjà náà ti gbó, pé ètò àtúnṣe rẹ̀ ti ń lọ lọ́wọ́ kí ìjàm̀bá náà tó dé. Ẹni tí ó bá ń sọ pé ọwọ́ òrìṣà ni ó tẹ àwọn tí ó kú ní Òkè-Afá ń bá àwọn tí ń gba ìtánràn sọ̀rọ̀. Bí a bá fi ìtàn Kòso wọn ọ̀ràn náà, bárékè Ìkẹjà ni ìwádìí ti yẹ kí ó bẹ̀rẹ̀, kì í ṣe etí kánààlì.