Ọ̀rọ̀ Kan, Ìtumọ̀ Ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀: Kí Á Wádìí Kí Á Tó Bínú

KÚTÚBÀ KÌÍNÍ

Gbogbo ọpẹ́ ni ti Ọlọ́hun, Ọba tí ó dá ènìyàn, tí ó sì fi ọ̀rọ̀ sísọ ṣe ìkẹ́ fún un. A ń yìn Ín, a ń wá ìrànlọ́wọ́ Rẹ̀, a sì ń tọrọ àforíjìn Rẹ̀. Kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá Ànábì wa Muhammad, àwọn ará ilé rẹ̀, àwọn sàábé rẹ̀, àti gbogbo ẹni tí ó tọ ipasẹ̀ wọn títí di ọjọ́ ìdájọ́.

Ẹ̀yin ẹrú Ọlọ́hun, a ń gba ẹ̀yin àti ara wa ní ìyànjú pé kí á bẹ̀rù Ọlọ́hun nínú ohun tí ọwọ́ wa ń ṣe, nínú ibi tí ẹsẹ̀ wa ń rìn dé, àti jù bẹ́ẹ̀ lọ, nínú ohun tí ahọ́n wa ń sọ àti ohun tí etí wa ń gbà wọlé. Àwọn baba wa sọ pé ẹyin lohùn. Bí ó bá bọ́, fífọ́ ni í fọ́. Lónìí, a fẹ́ sọ̀rọ̀ lórí ẹyin kan tí ó máa ń fọ́ láìjẹ́ pé ẹni tí ó mú un lọ́wọ́ fẹ́ kí ó fọ́: ọ̀rọ̀ tí ó dára ní èdè ẹni tí ó sọ ọ́, tí ó sì di nǹkan mìíràn ní etí ẹni tí ó gbọ́ ọ.

Nínú àáyà 104 súrà Baqarah, Ọlọ́hun pe àwọn onígbàgbọ́ òdodo, Ó sì kọ ọ̀rọ̀ kan fún wọn. Ọ̀rọ̀ náà ni *raa‘inaa*. Ó pa á láṣẹ pé kí wọ́n máa sọ *unzurnaa* dípò rẹ̀. Ẹni tí ó gbọ́ èdè Lárúbáwá lè bèèrè pé: kí ni ó burú nínú ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́? Ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé kíyèsí wa, fún wa láyè kí ọ̀rọ̀ rẹ lè yé wa. Àwọn sàábé a máa sọ ọ́ fún Ànábì nígbà tí wọ́n bá fẹ́ kí ó rọra bá wọn sọ̀rọ̀. Ọ̀wọ̀ ni wọ́n fi ń sọ ọ́, ìmọ̀ ni wọ́n sì fi ń wá.

Ṣùgbọ́n àwọn onítumọ̀ Al-Kùránì ṣàlàyé pé èdè kan mìíràn wà ní Mẹ̀dínà nígbà náà. Ní èdè Hébérù, ìró tí ó jọ ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ náà, *ra‘*, dúró fún ohun búburú. Àwọn kan nínú àwọn Yahúdì ìlú náà rí àyè níbẹ̀: wọ́n ń sọ ọ̀rọ̀ tí àwọn mùsùlùmí ń sọ, ṣùgbọ́n èébú ni wọ́n ní lọ́kàn. Àáyà 46 súrà Nisaa’ náà mẹ́nu bà á pé wọ́n ń yí ahọ́n wọn. Kí ẹnikẹ́ni má ṣe fi èyí kórìíra ìran kan lódindi, nítorí Al-Kùránì kan náà sọ fún wa nínú àáyà 113 súrà Aal ‘Imraan pé gbogbo wọn kò rí bákan náà.

Ẹ jẹ́ kí á wo ibi tí ẹ̀kọ́ náà wà. Ọkàn àwọn sàábé mọ́. Ọlọ́hun tí ó mọ ohun tí ó wà nínú àyà mọ̀ bẹ́ẹ̀. Síbẹ̀, àwọn tí ọkàn wọn mọ́ ni Ó kọ́kọ́ ní kí wọ́n pààrọ̀ ọ̀rọ̀ wọn. Èyí fi hàn pé èrò rere nìkan kò tó nígbà tí ọ̀rọ̀ mìíràn tí kò ní ọgbẹ́ nínú bá wà nílẹ̀. Kò yẹ kí mùsùlùmí máa wí pé, “Èmi mọ ohun tí mo ní lọ́kàn, bí ó bá dùn ún kí ó dùn ún.” Bí a bá ti mọ̀ pé ọ̀rọ̀ kan ń gún ọmọnìkejì wa, tí òmíràn sì wà tí yóò ṣe iṣẹ́ kan náà, ẹ jẹ́ kí á fi ti àkọ́kọ́ sílẹ̀.

Ẹ̀yin ará wa nínú ẹ̀sìn, ẹ má ṣe rò pé wàhálà nìkan ni ó wà nínú kí ọ̀rọ̀ kan ní ìtumọ̀ méjì. Bukhari gba ẹ̀gbàwá kan wá lórí ọmọdébìnrin kan tí à ń pè ní Umm Khalid. Àwọn òbí rẹ̀ wà lára àwọn tí wọ́n ṣe híjírà lọ sí ilẹ̀ Habaṣa, ibẹ̀ ni wọ́n sì bí i sí. Nígbà tí wọ́n padà dé, Ànábì fi aṣọ kékeré kan tí ó ní àmì lára wọ̀ ọ́, ó sì ń fi ọwọ́ tọ́ka sí àmì náà, ó ń sọ fún un pé *sanaah*. Ní èdè Lárúbáwá, bí a bá gbọ́ *sanah*, ọdún ni a ó rò. Ṣùgbọ́n ní èdè àwọn ará Habaṣa, ohun tí ó dára ni. Ẹni tí Ọlọ́hun sọ Al-Kùránì kalẹ̀ fún ní èdè Lárúbáwá tẹ ara rẹ̀ sílẹ̀ láti fi èdè ilẹ̀ tí ọmọdé náà ti wá dá a lára yá. Irú ìwà báyìí ni ó yẹ kí á máa hù sí àlejò.

Ẹ jẹ́ kí á wá yẹ àárín ara wa wò. Bí ọmọ Yorùbá bá gbọ́ *gàrí*, oúnjẹ ni ó ń rò, èyí tí a fi ẹ̀gẹ́ ṣe. Bí ọmọ Haúsá bá sọ *gari*, ó lè jẹ́ ìlú ni ó ń sọ. Bí ẹni tí ń sọ èdè Swahili ní Kẹ́ńyà tàbí Tàǹsáníà bá sọ *gari*, ọkọ̀ ni ó ní lọ́kàn. Ọmọ Haúsá a máa kí ènìyàn ní òwúrọ̀ pé *ina kwana*, ẹni tí kò gbọ́ èdè rẹ̀ yóò sì rò pé iná ń jó. Bí ọmọ Igbo bá ń jẹ́ *Obi*, ọkàn ni orúkọ rẹ̀ ń sọ. Bí a bá fi etí tiwa gbọ́ ọ, ó di obì tí à ń pa fún àlejò. *Diin* ni ẹ̀sìn ní èdè Lárúbáwá. *Dín* ni ohun tí ìyá alákàrà ń ṣe sí àkàrà nínú epo. Kò sí èyí tí ó ṣì í sọ nínú gbogbo wọn. Ọlọ́hun fúnra Rẹ̀ ni ó ka ìyàtọ̀ èdè wa mọ́ àwọn àmì Rẹ̀, ní àáyà 22 súrà Ruum. Ẹni tí ó bá wá ń fi èdè ọmọnìkejì rẹ̀ ṣe yẹ̀yẹ́, àmì Ọlọ́hun ni ó ń fi ṣe yẹ̀yẹ́.

Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹ̀rín. Nínú àwọn ìròyìn tí Tabari kó jọ sínú ìwé ìtàn rẹ̀, a rí èyí tí ó sọ̀rọ̀ lórí ogun tí ó wáyé ní ọdún 11 lẹ́yìn Híjírà, lẹ́yìn tí Ànábì ti kú. Wọ́n mú Malik ibn Nuwayrah àti àwọn ènìyàn rẹ̀ ní ìgbèkùn. Òtútù mú ní alẹ́ ọjọ́ náà. Ìròyìn náà sọ pé Khalid ibn al-Walid ní kí akéde kígbe pé kí wọ́n fi nǹkan móoru bo àwọn ìgbèkùn. Ṣùgbọ́n nínú ẹ̀ka èdè àwọn kan tí wọ́n ń ṣọ́ wọn, ọ̀rọ̀ kan náà túmọ̀ sí pé kí wọ́n pa wọ́n. Wọ́n sì pa wọ́n. Kí Khalid tó gbọ́ ariwo kí ó sì jáde, ọ̀rọ̀ ti bọ́. Ìtàn fi hàn pé Abu Bakr san owó ẹ̀jẹ̀ lórí Malik. Àwọn onímọ̀ ìtàn ní ìròyìn mìíràn lórí ọ̀rọ̀ náà, a kò sì dìde láti ṣe ìdájọ́ láàárín àwọn ẹni ire. Ohun tí a mú dání ni pé mùsùlùmí ni gbogbo wọn, Lárúbáwá ni gbogbo wọn, síbẹ̀ wọ́n gbà pé ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo lè yí ìbora padà sí ikú.

Ẹ má ṣe sọ pé ìgbà láéláé ni èyí. Ní ojú pópó wa, bí àwọn èrò bá yí àjòjì kan ká, tí ẹnìkan sì pariwo olè, kí ni ó lè gba ẹni náà sílẹ̀ bí kò ṣe ẹnu rẹ̀? Bí ẹnu rẹ̀ kò bá sì gbọ́ èdè wa ńkọ́? Ó ń bẹ̀bẹ̀, a rò pé ó ń ṣépè. Ó ń pe orúkọ ìlú rẹ̀, a rò pé orúkọ ẹgbẹ́ burúkú ni ó ń pè. Ọlọ́hun ti kìlọ̀ nínú súrà Hujuraat. Ní àáyà 6, Ó ní kí á wádìí ìròyìn, kí á má baà fi àìmọ̀ ṣe àwọn ènìyàn ní ìjàǹbá, kí á sì wá máa kábàámọ̀. Ní àáyà 12, Ó ní kí á jìnnà sí ọ̀pọ̀lọpọ̀ àbá dídá.

Nítorí náà, ẹ̀yin ẹrú Ọlọ́hun, àṣẹ méjì ni ó wà nílẹ̀. Ẹni tí ń sọ̀rọ̀, àṣẹ tirẹ̀ wà nínú súrà Baqarah: fi ọ̀rọ̀ tí ó lè ṣini lọ́nà sílẹ̀. Ẹni tí ń gbọ́, àṣẹ tirẹ̀ wà nínú súrà Hujuraat: wádìí, má ṣe dá àbá. Bí olúkúlùkù bá di tirẹ̀ mú, ìjà kò ní rí ibi jókòó sí. A sọ ọ̀rọ̀ wa yìí, a sì ń tọrọ àforíjìn Ọlọ́hun fún èmi, ẹ̀yin àti gbogbo mùsùlùmí. Ẹ tọrọ àforíjìn Rẹ̀, Aláforíjìn ni, Aláàánú ni.

KÚTÚBÀ KEJÌ

Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́hun, kí ìkẹ́ àti ọlà Rẹ̀ máa bá Òjíṣẹ́ Rẹ̀.

Ẹ̀yin onígbàgbọ́ òdodo, ọ̀rọ̀ yìí wọ inú ìrun wa pàápàá. Ahọ́n Yorùbá kò ní lẹ́tà *qaaf*, *kaaf* ni ó súnmọ́ ọ̀pọ̀lọpọ̀ wa lẹ́nu. Ṣùgbọ́n *qul* ni “sọ”, *kul* sì ni “jẹun”. *Qalb* ni ọkàn, *kalb* sì ni ajá. Ẹni tí ó bá ń ka súrà Ikhlaas, tí ó sì ń bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ pẹ̀lú *kul*, ọ̀rọ̀ mìíràn ni ẹnu rẹ̀ ń pè. A kò sọ èyí láti já ẹnikẹ́ni láyà. Ẹ̀gbàwá tí ó fi ẹsẹ̀ múlẹ̀ fi yé wa pé ẹni tí ó ń tiraka láti ka Al-Kùránì, tí ó sì nira fún un, ẹ̀san méjì ni tirẹ̀. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ti lọ sí ilé-kéwú, ẹ má ṣe fi àwọn bàbá àti ìyá wa rẹ́rìn-ín. Ẹ jókòó tì wọ́n, kí ẹ fi ọ̀wọ̀ kọ́ wọn. Ẹ̀yin àgbà, ẹ má ṣe tijú láti kọ́ ẹ̀kọ́ lọ́wọ́ ọmọ yín.

Ohun mẹ́ta ni a fẹ́ kí á mú lọ sílé. Èkíní, bí ọ̀rọ̀ àjòjì bá dún bí èébú ní etí wa, kí á bi í pé kí ni ó túmọ̀ sí ní ìlú rẹ̀, kí ojú wa tó pọ́n. Èkejì, kí á má ṣe jẹ́ kí àwọn ọmọ wa máa fi orúkọ ẹlẹgbẹ́ wọn ṣe ẹlẹ́yà ní ilé-ìwé. Orúkọ tí ó dún bí ọ̀rọ̀ àwàdà fún wa, àdúrà ìyá kan ni. Ẹ̀kẹta, kí á kọ́ díẹ̀ nínú èdè aládùúgbò wa. Ànábì pa á láṣẹ fún Zayd ibn Thabit pé kí ó kọ́ ìkọ̀wé àwọn Yahúdì, kí ó lè máa ka lẹ́tà wọn kí ó sì máa kọ èsì, Zayd sì kọ́ ọ ní nǹkan bí ọjọ́ 15. Bí àwa náà bá lè fi ìwọ̀nba ọjọ́ bẹ́ẹ̀ kọ́ bí a ṣe ń kí ẹni tí ń ta àlùbọ́sà fún wa ní ọjà, ọ̀pọ̀ ìbínú ni yóò kú kí ó tó bí.

Àwọn àgbà wa sọ pé ọ̀rọ̀ rere ní í yọ obì lápò, ọ̀rọ̀ búburú ní í yọ ọfà lápó. Kí Ọlọ́hun jẹ́ kí obì ni ó máa jáde fún wa.

Ọlọ́hun, tún ahọ́n wa ṣe, kí O sì tún etí wa ṣe. Má ṣe jẹ́ kí á fi ọ̀rọ̀ tí kò yé wa ta ẹ̀jẹ̀ aláìṣẹ̀ sílẹ̀. Dáàbò bo àwọn àjòjì tí ó wà láàárín wa, kí O sì dáàbò bo àwọn ọmọ wa tí ó jẹ́ àjòjì ní ìlú onílùú. Forí jin àwọn òbí wa, fún àwọn aláìsàn wa ní àlàáfíà, kí O sì gba ìrun wa bí ahọ́n wa ti mọ ọ́n pè. Àmín.

Ẹ̀yin ẹrú Ọlọ́hun, ẹ dìde sí ìrun yín. Kí Ọlọ́hun ṣàánú gbogbo wa.