Ta Ni Ó Ni Ìmọ́lẹ̀?

Nítorí pé a máa ń rí Àgùàlà nítòsí òṣùpá nígbà mìíràn, àwọn baba wa sọ ọ́ ní ajá òṣùpá. Ṣùgbọ́n ajá náà kò sin ẹnikẹ́ni, bẹ́ẹ̀ ni ìmọ́lẹ̀ tí ó fi ń ṣe fáàrí kì í ṣe tirẹ̀. Àwọn onímọ̀ ti fi yé wa pé ọwọ́ oòrùn ni ó ti gbà á. Èyí ni ó mú mi ronú sí ìbéèrè kan tí mo fẹ́ kí á jọ yẹ̀ wò: bí ènìyàn bá fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣe ohun rere kan, ǹjẹ́ tirẹ̀ nìkan ni? Ǹjẹ́ ó tọ́ kí ó fi í pamọ́ nígbà tí àwọn ẹlòmíràn wà nínú òkùnkùn?

Ẹnìkan wà tí ó fi Àgùàlà gan-an pa ìtàn lórí ìbéèrè yìí. J. R. R. Tolkien ni, ọ̀jọ̀gbọ́n èdè Gẹ̀ẹ́sì àtijọ́ ní Yunifásítì Oxford, tí a bí ní 1892 tí ó sì kú ní 1973. Nígbà tí òun náà jẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ èdè bí àwa yìí, ó bá ọ̀rọ̀ kan pàdé nínú ewì ìsìn kan tí a kọ ní èdè Gẹ̀ẹ́sì ayé ijọ́un: earendel, tí ó jọ pé ìràwọ̀ òwúrọ̀ ni ó dúró fún. Adùn ọ̀rọ̀ náà wọ̀ ọ́ lára. Ní 1914 ó kọ ewì nípa atukọ̀ kan tí ó tu ọkọ̀ rẹ̀ gba ojú ọ̀run. Láti ibẹ̀ ni odindi ayé kan ti ń hù díẹ̀díẹ̀, ayé tí a bá pàdé nínú The Lord of the Rings ti 1954 sí 1955, àti nínú The Silmarillion tí ọmọ rẹ̀ tẹ̀ jáde ní 1977.

Ní ìbẹ̀rẹ̀ ayé náà, kò tíì sí oòrùn, kò tíì sí òṣùpá. Igi méjì ni ó ń tan ìmọ́lẹ̀ sí ilẹ̀ àwọn alágbára. Ti ọ̀kan dà bí fàdákà, ti èkejì dà bí wúrà. Láàárín àwọn Elf, ẹ̀dá tí ó jọ ènìyàn ṣùgbọ́n tí ogbó kì í pa, ọ̀gá oníṣẹ́-ọnà kan wà tí ń jẹ́ Fëanor. Ó bù nínú ìmọ́lẹ̀ igi méjèèjì, ó fi ṣe òkúta iyebíye mẹ́ta tí a ń pè ní Silmaril. Nígbà tí ó yá, Melkor ọ̀tá ayé mú aláǹtakùn ńlá kan lẹ́yìn, wọ́n pa igi méjèèjì, òkùnkùn sì ṣú. Ìmọ́lẹ̀ náà kò kù síbì kankan mọ́ àfi nínú òkúta Fëanor. Àwọn alágbára bẹ̀ ẹ́ pé kí ó jẹ́ kí a fọ́ wọn, kí a lè fi ìmọ́lẹ̀ inú wọn jí igi náà kí gbòǹgbò wọn tó kú. Fëanor kọ̀ jálẹ̀.

Ẹ má jẹ́ kí á yára dá a lẹ́bi. Ó ní ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni òun lè ṣe irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀, àti pé bí a bá fọ́ wọn, ọkàn òun yóò fọ́ pẹ̀lú wọn. Bí a bá ní kí agbẹ́gilére la ère tí ó dára jù lọ nínú gbogbo èyí tí ó gbẹ́, kí á fi dáná fún ìlú, ta ni nínú wa tí yóò bú u bí ó bá kọ̀? Iṣẹ́ ọwọ́ ẹni dà bí ọmọ ẹni.

Síbẹ̀, mo rí nǹkan méjì tí Fëanor kò rò. Èkíní ni pé òun ni ó ṣe òkúta, ṣùgbọ́n kì í ṣe òun ni ó ṣe ìmọ́lẹ̀. Bí ẹni tí ó gbin igi bá ti ṣọ́ wọn bí òun ti ń ṣọ́ òkúta rẹ̀, kí ni ìbá fi ṣe Silmaril? Kò sí oníṣẹ́ kankan tí kò bá nǹkan nílẹ̀. Tolkien pàápàá bá earendel nílẹ̀ ni.

Èkejì ni ó jinlẹ̀ jù. Kò pẹ́ tí Fëanor kọ̀ tán ni ìròyìn dé pé Melkor ti pa bàbá rẹ̀, ó sì ti kó òkúta mẹ́tẹ̀ẹ̀ta lọ. Bí ó bá ti gbà ńkọ́? Kò ní rí nǹkan kan fún wọn. Àwọn igi náà ìbá kú bákan náà. Kí wá ni àǹfààní "bẹ́ẹ̀ ni" tí ọwọ́ rẹ̀ ṣófo? Tolkien dáhùn pé ó ṣeé ṣe kí ohun tí Fëanor ṣe lẹ́yìn náà ti yàtọ̀. Ẹni tí ó ti sọ pé "tèmi ni" lójú òkùnkùn gbogbo ayé kò rí ọ̀nà padà mọ́. Òun àti ọmọkùnrin rẹ̀ méje búra pé àwọn yóò bá ẹnikẹ́ni tí ó bá mú Silmaril lọ́wọ́ jà, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí pa àwọn ẹ̀yà tiwọn. "Bẹ́ẹ̀ ni" kò lè gba àwọn igi là, ṣùgbọ́n ó lè gba Fëanor là. Ọ̀rọ̀ ìwà ni èyí: ìdáhùn tí a fún ẹni tí ó tọrọ ń mọ wá, bí ọwọ́ wa tilẹ̀ ṣófo.

Ẹ wo ibi tí òkúta náà parí sí. Ọ̀kan dé ọwọ́ Eärendil atukọ̀, tí bàbá rẹ̀ jẹ́ ènìyàn tí ìyá rẹ̀ sì jẹ́ Elf. Kò wá nǹkan kan fún ara rẹ̀. Ó gbé e síwájú orí, ó sì lọ bẹ àwọn alágbára nítorí ẹ̀yà méjèèjì. Wọ́n gbọ́ ẹ̀bẹ̀ rẹ̀, wọ́n sì gbé òun àti ọkọ̀ rẹ̀ sí ojú ọ̀run, ó di ìràwọ̀. Àwọn ọmọ Fëanor méjì tí ó kù jí òkúta méjì yòókù gbé, ṣùgbọ́n ó jó wọn lọ́wọ́. Ọ̀kan gbé tirẹ̀ bẹ́ sínú kòtò iná, èkejì ju tirẹ̀ sínú òkun. Nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, èyí tí ẹnikẹ́ni kò lè dì mú mọ́ nìkan ni ó ń tàn fún ayé. Lẹ́yìn ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọdún, ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ nínú ìgò kékeré kan ni Frodo àti Sam fi dojú kọ ọmọ aláǹtakùn tí ó pa àwọn igi náà.

Kì í ṣe ayé ìtàn nìkan ni Fëanor ń gbé. Akẹ́kọ̀ọ́ tí ó bá mú ìwé kan ṣoṣo tí ó wà ní ilé ìkàwé, tí ó fi í pamọ́ sẹ́yìn àwọn ìwé mìíràn títí ìdánwò yóò fi kọjá, ọmọ Fëanor ni. Ó ṣeé ṣe kí ẹnikẹ́ni má tilẹ̀ béèrè ìwé náà, kí ó sì wí fún ara rẹ̀ pé òun kò pa ẹnikẹ́ni lára. Ṣùgbọ́n òkúta náà ti jó o lọ́wọ́.

Ní 2022, àwọn onímọ̀ tí ń lo awò Hubble kéde pé àwọn rí ìràwọ̀ kan tí ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ ti rin nǹkan bíi bílíọ̀nù 12.9 ọdún kí ó tó dé ọ̀dọ̀ wa. Earendel ni wọ́n sọ ọ́. Akéwì àtijọ́ lo ọ̀rọ̀ náà, akẹ́kọ̀ọ́ kan bá a nínú ìwé, ó ti wá di orúkọ lójú ọ̀run, kò sì sí ẹni tí ó dín kù nínú gbogbo wọn. Ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ mi, ìmọ́lẹ̀ tí ó wà lọ́wọ́ wa, ọwọ́ ẹlòmíràn ni a ti gbà á. Bí ẹnìkan bá tọrọ rẹ̀, ẹ jẹ́ kí á tètè dáhùn.