Ọwọ́ Mẹ́rin Lórí Dùùrù Kan



Àwọn àgbà ní ọ̀tún wẹ òsì, òsì wẹ ọ̀tún, ni ọwọ́ fi ń mọ́. Ẹni tí ó bá rí ọmọ ìyá méjì tí wọ́n jọ jókòó ti dùùrù kan yóò gbà pé òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n bí Ọlọ́run bá fún ọmọ méjì ní ẹ̀bùn kan náà, tí agbára wa kò sì ká ju ọ̀kan lọ, kí ni ó tọ́ kí a ṣe?

Ní ìlú Salzburg, Leopold Mozart bí Nannerl ní 1751, ó bí Wolfgang ní 1756. Láti 1763 sí 1766, ó kó àwọn méjèèjì káàkiri Yúróòpù. Ìkéde rẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù ní 1765 sọ pé àwọn ọmọ náà yóò jọ tẹ dùùrù kan ṣoṣo, pẹ̀lú ìnujú tí a fi bo ojú rẹ̀. Ní ìparí 1769, baba mú ọmọkùnrin lọ sí Ítálì. Nannerl, ọmọ ọdún 18, dúró sílé pẹ̀lú ìyá rẹ̀. Ní 1770 àbúrò rẹ̀ kọ lẹ́tà sí i, ó yin orin kan tí ó kọ. Lónìí, kò sí ọ̀kan nínú orin Nannerl tí ó kù.

Leopold kì í ṣe ìkà. Owó ìrìnàjò wọ́n, ààfin ìgbà náà kì í sì í fi obìnrin ṣe olórí àwọn olórin. Àwa náà ńkọ́? Nígbà tí owó ilé-ìwé kò tó, ta ni a ní kí ó dúró ràn wá lọ́wọ́ lọ́jà?

Ọ̀nà mìíràn wà. Charles Wesley, tí ó kọ ọ̀pọ̀ orin wa, jẹ́ kí ọmọkùnrin rẹ̀ méjèèjì, Charles àti Samuel, jọ máa ṣe àkójọ orin nínú ilé rẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù láti 1779 sí 1787, bí àwọn ará kan tilẹ̀ ń kùn. Ní ilẹ̀ Faransé, ìyá ni ó kọ́kọ́ kọ́ Katia àti Marielle Labèque, tí a bí ní 1950 àti 1952, ní píánò. Ó ti lé ní 50 ọdún tí tẹ̀gbọ́n-tàbúrò náà ti jọ ń tẹ̀ ẹ́ káàkiri ayé.

A kò sọ pé ìná ọmọ gbọ́dọ̀ dọ́gba; bí owó bá ti mọ ni a ń ná an. Ṣùgbọ́n ohun tí a gbà lọ́wọ́ ọmọ kan fún èkejì, ẹ má jẹ́ kí a pè é ní ìfẹ́ Ọlọ́run. Gbèsè ni. Ẹ jẹ́ kí a jẹ́wọ́ rẹ̀ fún ẹni tí ó dúró sílé, kí èkejì náà sì mọ̀, kí ó lè san án. Jákọ́bù dá ẹ̀wù aláràbarà fún Jósẹ́fù nìkan. Gbogbo wa ni a mọ ohun tí ó dá sílẹ̀ láàárín àwọn ọmọ rẹ̀.

Kí Olúwa fún wa ní ọgbọ́n tí a ó fi tọ́ wọn. Àmín.