Ẹ̀ṣọ́ Kì Í Gba Ọfà Lẹ́yìn

Ní ọ̀sán ọjọ́ Sátidé kan, mo wà ní ṣọ́ọ̀bù onígbàjámọ̀ kan tí kò jìnnà sí géètì bárékè Ọ̀jọ́. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó ń dúró kó kàn án ń wo fíìmù Íńdíà lórí fóònù rẹ̀. Kesari ni orúkọ fíìmù náà, ọdún 2019 ni wọ́n gbé e jáde, ìtàn àwọn sójà Sikh 21 tí ogun ká mọ́ ilé ìṣọ́ kan lórí òkè ló dá lé. Nígbà tí àwọn ọ̀tá yí ilé náà ká, ọ̀dọ́mọkùnrin yìí pariwo: "Bàbá, ẹ wo àwọn èèyàn yìí! Wọ́n mọ̀ pé àwọn ò ní yè é, wọn ò sì sá!"

Bàbá tó ń bá sọ̀rọ̀, sójà tó ti fẹ̀yìn tì ni, orí rẹ̀ ni klípà wà lọ́wọ́lọ́wọ́. Kò yíjú. Ó ní: "Ẹ̀ṣọ́ kì í gba ọfà lẹ́yìn."

Onígbàjámọ̀ gbé klípà sókè díẹ̀. "Ẹ má bínú o, bàbá. Àwọn àgbà náà ló ní akíkanjú tó mọ ìjà tí kò mọ ìsá ní í bógun lọ."

Gbogbo wa rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n bí mo ṣe wọ kẹ̀kẹ́ Márúwá lọ sílé ní Òkókómáíkò, òwe méjèèjì ń bá ara wọn jà nínú mi. Tí èkíní bá jẹ́ òótọ́, ṣé irọ́ ni èkejì? Àbí àwọn baba wa kàn ń sọ ohun tó bá wù wọ́n ni?

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ gbé òwe náà kalẹ̀ tán: "Ẹ̀ṣọ́ kì í gba ọfà lẹ́yìn, iwájú gangan ní í fi í gba ọgbẹ́." Ọ̀yọ́ Ilé ló ti wá. Àádọ́rin ni àwọn Ẹ̀ṣọ́ níbẹ̀, mẹ́wàá mẹ́wàá lábẹ́ ọ̀kọ̀ọ̀kan àwọn Ọ̀yọ́mèsì méje, Ààrẹ Ọ̀nà Kakaǹfò sì ni olórí wọn. Samuel Johnson kọ òwe yìí àti àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ sínú ìwé ìtàn Yorùbá tí wọ́n tẹ̀ jáde ní ọdún 1921. Ọ̀kan ní: "Alákoro kì í ságun," akoro sì ni adé oyè àwọn Ẹ̀ṣọ́. Òmíràn ní: "Ohun méjì ló yẹ Ẹ̀ṣọ́: Ẹ̀ṣọ́ jà, ó lé ogun, Ẹ̀ṣọ́ jà, ó kú sógun."

Ẹ wo bí òwe náà ṣe gbé ọ̀rọ̀ kalẹ̀. Kò sọ pé ọfà kì í ba Ẹ̀ṣọ́. Kò ṣèlérí àyẹta fún un, kò sì sọ pé ẹ̀rù kì í bà á. Ó ti gbà pé ọfà yóò dé. Ibi tí ọfà yóò ti wọlé nìkan ló ń bèèrè. Òkú kò lè rojọ́ lójú ogun, àwọn tó bá a jà náà sì lè parọ́ gbè é, ṣùgbọ́n ọgbẹ́ kì í parọ́. Bó bá wà ní àyà, a mọ ibi tí ẹni náà kọjú sí kó tó ṣubú. Bó bá wà ní ẹ̀yìn, a mọ̀ ọ́n náà.

Ibí yìí ni ọ̀pọ̀ èèyàn máa ń parí àlàyé òwe yìí sí: ìgboyà dára, ojo kò dára. Èmi rò pé a kò tíì fọwọ́ kan ọ̀rọ̀ tó gbé òwe náà dúró. Kí ló dé tí wọn kò wí pé "jagunjagun kì í gba ọfà lẹ́yìn"? Jagunjagun ni ẹni tó ń ja ogun. Ó lè jẹ́ nítorí ẹrú àti ìkógun ló ṣe jáde nílé. Ṣùgbọ́n ṣíṣọ́ ni iṣẹ́ ẹ̀ṣọ́. Ẹni tó ń ṣọ́ sì gbọ́dọ̀ ní ohun tó ń ṣọ́, ẹ̀yìn rẹ̀ ni ohun náà máa ń wà. Ìdí nìyẹn tí ẹ̀yìn rẹ̀ kò fi gbọdọ̀ gba ọfà: bí ó bá yí ẹ̀yìn padà sí ọ̀tá, ojú rẹ̀ ti kọ sí ilé nìyẹn, kò sì sí ohun kankan mọ́ láàárín ọ̀tá àti ìyá arúgbó tó ń gúnyán lọ́wọ́.

Orúkọ àwọn tí ọ̀dọ́mọkùnrin yẹn ń wò nínú fíìmù náà kò túmọ̀ sí jagunjagun. Akẹ́kọ̀ọ́ ni "Sikh" túmọ̀ sí, ọmọlẹ́yìn olùkọ́, ìyẹn Guru. Guru Nanak, tí wọ́n bí ní Punjab ní ọdún 1469, ló dá ẹ̀sìn náà sílẹ̀, kò sì gbé idà. Ìyà ló kọ́ àwọn ọmọlẹ́yìn rẹ̀ ní ogun. Ní ọdún 1606, àwọn aláṣẹ Mughal tó ń ṣàkóso ilẹ̀ náà pa Guru karùn-ún, Arjan, ní Lahore. Hargobind ọmọ rẹ̀ gorí oyè, ó sì so idà méjì mọ́ ìdí, ọ̀kan fún ti ayé, ọ̀kan fún ti ọ̀run. Ní ọdún 1675, wọ́n bẹ́ orí Guru kẹsàn-án, Tegh Bahadur, ní Delhi. Àwọn Sikh gbà títí dòní pé nítorí àwọn ẹlẹ́sìn Híńdù láti Kashmir, tí wọ́n fẹ́ fi tipátipá yí lẹ́sìn padà, ló ṣe fi orí rẹ̀ lélẹ̀. Ẹ̀sìn ẹlẹ́sìn ló wà lẹ́yìn rẹ̀ tí ọfà fi bá a níwájú.

Wọ́n tún máa ń sọ pé lọ́jọ́ tí wọ́n pa á, àwọn ọmọlẹ́yìn rẹ̀ tó wà láàárín èrò kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni mọ̀ wọ́n. Èyí dun ọmọ rẹ̀, Gobind Singh. Ní ọjọ́ ọdún Vaisakhi ní 1699, ní Anandpur, ó yọ idà níwájú ọ̀pọ̀ èèyàn, ó ní òun ń fẹ́ orí èèyàn. Ẹnì kan dìde, òmíràn tẹ̀ lé e, títí wọ́n fi di márùn-ún. Onírúurú ìdílé ni wọ́n ti wá, gíga àti rírẹlẹ̀: apọnmi wà nínú wọn, onígbàjámọ̀ láti Bidar náà wà níbẹ̀. Kò pa wọ́n. Àwọn ló fi bẹ̀rẹ̀ ẹgbẹ́ Khalsa, ó sì fún ẹgbẹ́ náà ní àmì márùn-ún: irun tí a kì í gẹ̀, òòyà, ẹ̀gbà irin, idà, àti ṣòkòtò péńpé. Láti ọjọ́ náà lọ, Sikh tó wà nínú Khalsa kò lè fara pa mọ́ sáàárín èrò mọ́. Kódà nínú ogun àgbáyé méjèèjì, láwàní wọn ni wọ́n wé lọ sójú ìjà, wọn kò gbà láti fi àṣíborí irin rọ́pò rẹ̀.

Ta ni nínú wa tí kò ní rántí Kakaǹfò? Johnson ní bí wọ́n bá ń fi Kakaǹfò jẹ, wọn yóò fá orí rẹ̀, wọn yóò sín gbẹ́rẹ́ 201 sí ìpàkọ́ rẹ̀, pẹ̀lú abẹ 201 àti oògùn láti inú ìgò 201. Lẹ́yìn náà, wọn yóò máa fá gbogbo orí, àfi ojú gbẹ́rẹ́ náà, tí irun ibẹ̀ yóò gùn títí tí wọn yóò fi dì í bí ìrù. Ẹ̀ẹ̀kan láàárín ọdún mẹ́ta, dandan ni kó lọ sógun níbi tí ọba bá rán an sí. Láàárín oṣù mẹ́ta, kó ṣẹ́gun bọ̀ tàbí kí wọ́n gbé òkú rẹ̀ wálé.

Ìmọ̀ràn kan náà ni irun Anandpur àti irun Ọ̀yọ́ ń dá. Àwọn àgbà mọ̀ pé ìgboyà kì í dúró de ọmọ ènìyàn lọ́jọ́ ogun. Nítorí náà ni wọ́n ṣe fi àmì de ara wọn nílé kí ogun tó dé. Ẹni tí gbogbo ayé mọ̀ ní ẹ̀ṣọ́, ojú á tì í láti sá. Ìtìjú di okùn, okùn náà ló sì ń fà á dúró nígbà tí ẹsẹ̀ bá fẹ́ máa lọ.

Ṣùgbọ́n okùn yìí kò mọ ẹni rere yàtọ̀ sí ẹni burúkú. Kakaǹfò Àfọ̀njá kò gba ọfà lẹ́yìn. Nígbà tí àwọn ọmọ ogun tó fúnra rẹ̀ kó jọ dìde sí i ní Ìlọrin, ní àwọn ọdún 1820, ó jà títí ọfà àti ọ̀kọ̀ fi bò ó. Johnson ní òkú rẹ̀ kò lè ṣubú, àwọn ọfà ló gbé e dúró. Bí a bá fi ọgbẹ́ nìkan ṣèdájọ́, kò sí Ẹ̀ṣọ́ tó jù ú lọ. Àmọ́ kí ló wà lẹ́yìn rẹ̀? Ó ti dìde sí Aláàfin Aólẹ̀, ó ti ya Ìlọrin kúrò lára Ọ̀yọ́, ó sì ti pe àwọn àjèjì tí yóò pa á wọlé. Lẹ́yìn ikú rẹ̀, Ìlọrin bọ́ lọ́wọ́ àwọn ọmọ rẹ̀, kò sì pẹ́ tí Ọ̀yọ́ Ilé fi dahoro. Ó gba ọfà níwájú lóòótọ́, ṣùgbọ́n ilé tó yẹ kó ṣọ́, òun ló tú u.

Àwọn ọkùnrin 21 inú fíìmù yẹn náà kò bọ́ lọ́wọ́ ìbéèrè yìí. Ní ọjọ́ 12 oṣù kẹsàn-án ọdún 1897, ní Saragarhi, wọ́n jà títí ẹni ìkẹyìn fi kú. Ilé ìṣọ́ ni lóòótọ́: iṣẹ́ wọn ni láti máa fi dígí tan iná ìròyìn láàárín ibùdó ogun méjì tí kò rí ara wọn. Ìgboyà wọn kò ní àbùkù. Ṣùgbọ́n Ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ló gbé ilé ìṣọ́ náà síbẹ̀, orí ilẹ̀ baba àwọn tó wá bá wọn jà ni. Òwe wa yẹ ẹ̀ṣọ́ wò níwájú. Ó ku kí àwa tó ń pa á máa yẹ ẹ̀yìn wò.

Ẹ jẹ́ ká wá padà sọ́dọ̀ onígbàjámọ̀ wa ní Ọ̀jọ́, ẹni tó ní akíkanjú gbọ́dọ̀ mọ ìsá. Ní bí ọdún 1704, lẹ́yìn tí àwọn ọ̀tá ti dó ti Anandpur fún ọ̀pọ̀ oṣù, Gobind Singh kó àwọn èèyàn rẹ̀ jáde lóru. Ní Chamkaur, níbi tí méjì nínú àwọn ọmọ rẹ̀ ti kú sójú ìjà, Sikh márùn-ún pàṣẹ fún un pé kó máa lọ, ó sì gbọ́ràn. Bí àwọn ọmọ Khalsa ti ń jà nìyẹn fún ọ̀pọ̀ ọdún lẹ́yìn náà: wọ́n á kọlu ọ̀tá, wọ́n á fà sẹ́yìn sínú igbó, wọ́n á tún yọ. Ṣé wọ́n gba ọfà lẹ́yìn? Rárá. Bí ohun tí à ń ṣọ́ bá ṣí nípò, ẹ̀ṣọ́ á bá a ṣí, òun ni yóò sì rìn kẹ́yìn, tí ojú rẹ̀ yóò wà lára ọ̀tá. Sísá ni kí á fi ohun tí à ń ṣọ́ sílẹ̀. Akíkanjú tí kò mọ ìsá tí onígbàjámọ̀ ń sọ ni ẹni tó gbàgbé ohun tó ń ṣọ́, tó wá sọ ìjà di ohun tó ń ṣọ́. Òwe méjèèjì kò jà. Ọ̀kan ń bá ojo wí, èkejì ń bá alágídí wí, ẹ̀ṣọ́ sì dúró láàárín wọn.

Bàbá sójà wa ní ẹ̀tọ́ láti pa òwe náà ju ẹnikẹ́ni lọ. Dífísọ̀n 81 tí bárékè Ọ̀jọ́ wà lábẹ́ rẹ̀, ogun Bọ́mà ló ti jogún nọ́ńbà yẹn. Wọ́n dá Dífísọ̀n 81 ti Ìwọ̀ Oòrùn Áfíríkà sílẹ̀ ní ọdún 1943, àwọn ọmọ Nàìjíríà àti ti Gold Coast, Sàró àti Gáḿbíà jọ lọ jà ní Arakan. Ní Arakan yìí kan náà, ní oṣù kẹta ọdún 1944, Nand Singh, ọmọ Sikh, dá nìkan gba kòtò ogun mẹ́ta lọ́wọ́ àwọn ará Japan. Ọgbẹ́ rẹ̀ wà ní itan, ní ojú àti ní èjìká. Ìjọba fún un ní Victoria Cross.

Ní oṣù kan náà, ọ̀dọ́mọkùnrin kan láti Ẹmùré-Ilé, nítòsí Ọ̀wọ̀, wà nínú igbó àfonífojì Kaladan pẹ̀lú ẹsẹ̀ tí ìbọn ti fọ́. Isaac Fadoyebo ni orúkọ rẹ̀. Olùtọ́jú aláìsàn ni, kì í ṣe ajagun. Àgbẹ̀ Mùsùlùmí kan tó ń jẹ́ Shuyiman fi òun àti ẹnì kejì rẹ̀, ọmọ Sàró, pa mọ́, ó bọ́ wọn fún ọ̀pọ̀ oṣù, nígbà tó jẹ́ pé bí àwọn sójà Japan bá mọ̀, òun àti ìdílé rẹ̀ gbé. Shuyiman kò ní ìbọn. Kò ní akoro, kò ní gbẹ́rẹ́, kò wé láwàní ogun. Ṣùgbọ́n òun ló dúró sáàárín ọfà àti àlejò méjì tí kò gbọ́ èdè rẹ̀. Bí ó bá jẹ́ pé ṣíṣọ́ ló ń sọni di ẹ̀ṣọ́, ta ló jẹ́ ẹ̀ṣọ́ tó o?

Alẹ́ ọjọ́ Sátidé yẹn, ó ti lé ní agogo mẹ́wàá kí n tó jáde lọ ra omi. Ọdẹ àdúgbò wa ti jókòó sẹ́nu géètì, tọ́ọ̀ṣì lọ́wọ́, fèrè lọ́rùn. Mo kí i, "Ẹ kú ìṣọ́ o," ó dáhùn láìwẹ̀yìn. Títì ló kọ àga rẹ̀ sí. Ẹ̀yìn rẹ̀ ló kọ sí àwa àti àwọn ọmọ wa tó ti sùn.